Oko Àgbọn Bàbá Mi Nínú Oṣù Aadi

Ẹtì, 12 oṣù kẹfà

Òjò àkọ́kọ́ sọ̀ kalẹ̀ láti orí òkè láàárọ̀ yìí, ó sì pa mí láti ibùdókọ̀ títí dé ṣọ́ọ̀bù ìtẹ̀wé. Ọ̀gá mi ní kí n má jẹ́ kí omi ara mi kán sórí bébà òun. Kò bi mí bóyá òtútù ń mú mi.

Mo tẹ ìwé ẹjọ́ kan fún Lọ́yà Kothai lónìí, ọwọ́ mi dúró lórí ẹ̀rọ. Ọmọkùnrin kan láti Udumalpet ló ń pẹjọ́. Bàbá rẹ̀ kú, ìyá rẹ̀ sì ta ilẹ̀ tí bàbá fi sílẹ̀ fún un nígbà tó ṣì kéré, láìgba àṣẹ adájọ́. Ọmọ ti dàgbà báyìí, ó ní òun ò gbà. Mo kà á, mo tún un kà. Níbi tó yẹ kí n tẹ "ilẹ̀", "ìyá" ni mo tẹ̀, mo sì ní láti fa bébà ya. Ọ̀gá mi, ahun yẹn, á yọ owó bébà náà nínú owó mi.

Bàbá tèmi náà kú. Ìyá tèmi náà tẹ̀ka. Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ni mí nígbà náà. Ẹni tó sì ra oko àgbọn wa ni Maaman Nachimuthu, ẹ̀gbọ́n ìyá mi, tí à ń gbé nínú ilé rẹ̀ láti ìgbà náà.

Ajé, 15 oṣù kẹfà

Mo dúró de Lọ́yà Kothai títí tó fi jẹun tán.

"Madam, ẹ jọ̀ọ́, ìwé tí mo tẹ̀ lọ́jọ́ Ẹtì yẹn. Tó bá jẹ́ obìnrin ni ọmọ náà ńkọ́?"

Ó wò mí láti òkè gíláàsì ojú rẹ̀. "Ọmọ ni òfin pè é. Ta ló ta tìẹ?"

Mo sọ ọ́. Ó ní kí n tilẹ̀kùn, kí n jókòó.

"Alágbàtọ́ kò lẹ́tọ̀ọ́ láti ta ilẹ̀ ọmọ láìjẹ́ pé adájọ́ fọwọ́ sí i. Tó bá tà á bẹ́ẹ̀, ọmọ lè dà á rú tó bá dàgbà. Ṣùgbọ́n ọdún mẹ́ta péré ni wọ́n fún un lẹ́yìn tó bá pé méjìdínlógún. Ọmọ ọdún mélòó ni ẹ́?"

"Ogún. Mo máa pé mọ́kànlélógún nínú Aadi."

"Aadi tó ń bọ̀ yìí?" Ó gbé ṣíbí sílẹ̀. "Poongodi! Ọjọ́ tí o bá pé mọ́kànlélógún nilẹ̀kùn máa tì. Kò sí adájọ́ tó lè ṣí i fún ẹ, bó ti wù kó káàánú ẹ tó. Ọjọ́ wo gan-an?"

Mo wo kàlẹ́ńdà Tamil ara ògiri rẹ̀, mo wá ìràwọ̀ tí wọ́n bí mi sí, Uthiradam, nínú oṣù Aadi. Mo ní ọjọ́ kẹjọ oṣù kẹjọ. Ó kọ ọ́ sílẹ̀.

"Má fọwọ́ sí ohunkóhun nínú ilé yẹn. Kódà bí wọ́n bá ní kí o fọwọ́ sí i pé o jẹ idli." Nígbà tí mo dé ẹnu ọ̀nà, ó pè mí padà. "Orúkọ ìyá ẹ náà máa wà nínú ìwé ẹjọ́ o. Òun ló tà á. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ni olùjẹ́jọ́ àkọ́kọ́, òun ni ìkejì. Ṣé o gbọ́?"

Mo ní mo gbọ́.

Àìkú, 21 oṣù kẹfà

Mo lọ sí oko. Wọ́n ń ra àgbọn kan ní rúpì méjì ààbọ̀ lórí igi, inú Maaman ń dùn bí ẹni pé òun ló gbìn wọ́n. Ọkùnrin kan tó wọ bàtà funfun ń bá a rìn láàárín igi, ó ń fi ẹsẹ̀ wọn ilẹ̀. Nígbà tí wọ́n rí mi, wọ́n dákẹ́.

Kànga tí bàbá mi gbẹ́ ṣì kún dé àárín. Inú rẹ̀ ló ti ń kó ewé jáde nígbà tí ejò bù ú jẹ. Ọkùnrin oníbàtà funfun yẹn tutọ́ sínú rẹ̀.

Maaman bẹ́ àgbọn tútù kan, ó gbé e fún mi. "Mu, ìyàwó ọmọ mi. Tìẹ náà kúkú ni."

Ó dùn. Ìyẹn ló bí mi nínú jù.

Ọjọ́rú, 1 oṣù keje

Lọ́yà ní kí n mú ìwé ẹ̀rí iléèwé mi wá, nítorí ọjọ́ orí. Inú àpótí irin Maaman ló wà. Mo ní ọ̀gá mi níbi iṣẹ́ ló fẹ́ rí i.

"Ọ̀gá ẹ?" Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. "Kí ló fẹ́ fi ṣe, ṣé ó fẹ́ fẹ́ ẹ ni? Jẹ́ kí ọjọ́ ìràwọ̀ ẹ kọjá ná. Gbogbo ohun tó jẹ́ tìẹ ni màá kó lé ẹ lọ́wọ́."

Òun ló mú mi lọ síléèwé lọ́jọ́ àkọ́kọ́. Òun náà ló lọ kọ orúkọ mi sílẹ̀ lọ́dọ̀ akọ̀wé abúlé nígbà tí wọ́n bí mi. Kò sí nǹkan kan nípa mi tí kò sí lọ́wọ́ ọkùnrin yìí.

Ìṣẹ́gun, 7 oṣù keje

Mo ti sọ fún ìyá mi. Ó ń lọ ìrẹsì òun ẹ̀wà idli lọ́wọ́, ọwọ́ rẹ̀ kò sì dúró lórí ọlọ títí mo fi dé orí ọ̀rọ̀ kóòtù.

"Ẹ̀gbọ́n mi ni, Poongodi. Orí itan rẹ̀ ni wọ́n ti lu etí ẹ. Ìrẹsì ta là ń jẹ?"

"Amma, owó àgbọn bàbá mi ló fi ń ra ìrẹsì náà."

"Ó san gbèsè ọsibítù bàbá ẹ."

"Gbèsè wo? Ilé ni bàbá mi kú sí kí wọ́n tó rí ọkọ̀! Ṣé wọ́n ka ìwé yẹn sí yín létí kí ẹ tó tẹ̀ka?"

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í lọ nǹkan rẹ̀ padà. "Ta ló ń kàwé sí opó létí? Ó ní tẹ̀ ẹ́ síbí, mo tẹ̀ ẹ́. Omijé ò jẹ́ kí n rí bébà náà gan-an."

Orúkọ rẹ̀ ni mo máa tẹ̀ sínú ìwé ẹjọ́, èmi fúnra mi, lẹ́tà kan lẹ́yìn òmíràn.

Ẹtì, 10 oṣù keje

Ẹ̀dà ìwé tí wọ́n fi ta oko wa, tí Lọ́yà ní ká gbà, kò tíì jáde lọ́fíìsì ilẹ̀. Tòmátì ti wọ́n. Òjò ò dá.

Ẹtì, 17 oṣù keje

Aadi wọlé lónìí, afẹ́fẹ́ rẹ̀ sì wọlé pẹ̀lú rẹ̀. Láti àárọ̀ ló ti ń já imọ̀ àgbọn lulẹ̀. Ẹ̀dà ìwé náà jáde lánàá, ọjọ́ kan péré ló pẹ́ jù. Bó bá jáde lọ́jọ́rú, à bá ti pẹjọ́ kí Aadi tó dé.

Ìyá mi gbá mi lẹ́sẹ̀ mú. "Mo bẹ̀ ọ́, má ṣe é nínú Aadi. A kì í fẹ́yàwó, a kì í kó wọlé tuntun. O wá fẹ́ fi pẹjọ́ mọ̀lẹ́bí? Nínú Aadi ni mo wọ ilé bàbá ẹ nítorí pé ọkọ̀ kò sí lọ́jọ́ tí wọ́n dá. O rí bó ṣe parí."

N ò gba gbogbo ìyẹn gbọ́, mo kàwé díẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí ìyá ẹni bá wà nílẹ̀ tó di ẹsẹ̀ ẹni mú, kí lèèyàn fẹ́ ṣe? A wá fẹnu kò sí ọjọ́ kejìdínlógún Aadi, ọjọ́ ọdún odò, ọjọ́ kan ṣoṣo tí oṣù yìí dára fún ìbẹ̀rẹ̀ nǹkan. Ajé ni, ọjọ́ kẹta oṣù kẹjọ. Ó ní tó bá jẹ́ ọjọ́ yẹn, òun ò ní sunkún.

Lọ́yà Kothai fún ojú pọ̀. "Ọjọ́ kẹta, ọjọ́ kẹjọ. Ó tó, ṣùgbọ́n kò wù mí. Mi ò fẹ́ràn kí n máa sáré lẹ́bàá kòtò."

Ọjọ́rú, 22 oṣù keje

Wọ́n ní kí n wẹ̀, kí n di òdòdó mọ́rí. Mo bá Maaman ní yàrá iwájú pẹ̀lú Kumaresan, ọmọ rẹ̀, ẹni tí gbogbo ayé ti sọ láti kékeré pé òun ló ni mí, nítorí lọ́dọ̀ wa ọmọ ẹ̀gbọ́n ìyá ló ń fẹ́ni. Kumaresan ò burú. Ó ń wo ẹsẹ̀ ara rẹ̀. Sárì sílíìkì kan wà nínú àwo, àwọ̀ ewé, pẹ̀lú ẹ̀gbà ọwọ́ mẹ́fà.

"Aavani ló dára fún ìgbéyàwó," ni Maaman wí. "Bí Aadi bá ti jáde báyìí. Oko á wà fún ẹ̀yin méjèèjì, kí ló tún kù?" Ó wá yọ bébà onísítáǹbù kan, irú èyí tí wọ́n fi ń ṣe ìwé ilẹ̀, láti abẹ́ sárì. "Kàn fọwọ́ síbí. Ti gbọ̀ngán ìgbéyàwó ni."

"Maaman, gbọ̀ngán wo ló ń gba bébà onísítáǹbù?"

Ó rẹ́rìn-ín títí ikọ́ fi gbé e. "Ẹnu ọmọ yìí! Kumaresan, o ti rógun o." Ó ká bébà náà, ó fi sápò. "Kò le. Lẹ́yìn ọjọ́ ìràwọ̀ ẹ, a ó jọ jókòó."

Ẹlẹ́ẹ̀kejì nìyí tó máa sọ gbólóhùn yẹn. Bó bá jágbe mọ́ mi, ǹ bá mọ ohun tí mo lè ṣe. Kò tilẹ̀ kánjú. Ẹ̀rù rẹ̀ ń bà mí gan-an, ẹ̀rù tí kò bà mí rí láyé mi.

Àìkú, 26 oṣù keje

Maaman ti pe èèyàn síbi àsè ọjọ́ ìràwọ̀ mi. Ìyàwó rẹ̀ ní, "Ẹ̀rí wa nìyí, kí ẹnikẹ́ni má sọ pé a ò tọ́jú ọmọ òrukàn." Imọ̀ kan já lu òrùlé bó ṣe ń sọ ọ́ lọ́wọ́, gbogbo wa sì fò sókè.

Ọjọ́bọ̀, 30 oṣù keje

Màá kọ ọ́ bó ṣe ṣẹlẹ̀.

Mo pàdé Karuppan agégi níwájú ilé tíì lẹ́yìn iṣẹ́. Àáké tuntun méjì wà lórí kẹ̀kẹ́ rẹ̀. Mo fi ṣeré pé, "Ta lẹ fẹ́ pa?"

"Àgbọn yín ni o! Gbogbo oko pátá. Àbí wọn ò sọ fún yín? Oníbàtà funfun yẹn fẹ́ kọ́ ilé iṣẹ́ bíríkì síbẹ̀."

"Ìgbà wo?"

"Àbámẹ́ta. Mo ní ẹ jẹ́ kí n bẹ̀rẹ̀ lónìí, afẹ́fẹ́ ti ṣe ìdajì iṣẹ́ fún wa. Maaman yín fárígá. Ó ní mi ò gbọ́dọ̀ fọwọ́ kan igi kan kí ọjọ́ kìíní oṣù tó mọ́. Oníbàtà funfun ló sọ bẹ́ẹ̀ fún un, lọ́yà rẹ̀ ló kọ́ ọ: ṣáájú ìgbà yẹn òun ò ní sanwó. Tó bá di Àbámẹ́ta, ó ní kò sẹ́ni tó lè dá wa dúró mọ́."

Mo rìn lọ díẹ̀, mo dúró. Maaman, tí kì í ra ìgbálẹ̀ nínú Aadi. Kí ló ń lé e? Ọjọ́ kẹjọ ni ìràwọ̀ mi, kí ló dé tí kò dúró dìgbà yẹn? Kí ló wà nínú ọjọ́ kìíní?

Ó wá yé mi. Ìràwọ̀ kì í dúró lójú kan. Lọ́dún tó kọjá, oṣù keje la jẹ àsè ọjọ́ ìràwọ̀ mi. Lọ́dún yìí, oṣù kẹjọ. Gbogbo ayé mi ni mo fi ń wá ọjọ́ mi kiri lórí kàlẹ́ńdà lọ́dọọdún bí ẹni ń wá adìyẹ, tí n kò bi ara mi léèrè rí pé ọjọ́ wo ni wọ́n bí mi gan-an. Kóòtù kì í ka ìràwọ̀. Maaman mọ̀ ọ́n. Àsè rẹ̀, "lẹ́yìn ọjọ́ ìràwọ̀ ẹ", gbogbo rẹ̀, kí n lè máa wo ọjọ́ kẹjọ ni.

Mo sáré délé. Ìyá mi wà lẹ́yìnkùlé. Mo gbọ́ ohùn Maaman níwájú, ó ń gbọ́ rédíò.

"Amma, ọjọ́ wo lẹ bí mi?"

"Aadi, Uthiradam. O ò mọ̀ ni?"

"Ọjọ́ ìjọba, Amma. Oṣù wo, ọjọ́ kelòó?"

Ó wo ilẹ̀kùn iwájú. Ó wẹ ọwọ́ rẹ̀, ó nù ún. "Ẹ̀gbọ́n mi bi mí ní ọ̀sẹ̀ tó kọjá bóyá mo rántí. Mo ní mi ò rántí."

"Ṣé ẹ ò rántí lóòótọ́?"

"Ta ni kì í rántí?" Ohùn rẹ̀ le bí mi ò ṣe gbọ́ ọ rí. "Bàbá ẹ ò sí nílé. Ó lọ tò fún ṣúgà ìjọba ti oṣù keje, torí bílẹ̀ bá mọ́, oṣù yí, wọn ò ní fún un mọ́. Ó gbé ṣúgà wọlé, o ti ń ké. Ṣúgà yẹn ló kọ́kọ́ fi kàn ẹ́ lẹ́nu."

Ọjọ́ tó kẹ́yìn oṣù keje. Ọ̀la.

Ó rí ojú mi. "Ọ̀la ni, àbí?"

"Ọ̀la ni."

"Ẹtì Aadi." Lẹ́yìn náà, ó lọ gbé sálúbàtà mi wá sí ẹnu ọ̀nà ẹ̀yìn, ó tò wọ́n kí ẹsẹ̀ lè bọ́ sínú wọn kíákíá. "Tètè jáde lọ́la kí ẹ̀gbọ́n mi tó jí," ló wí.

Ẹtì, 31 oṣù keje

Bọ́ọ̀sì kún fún àwọn obìnrin aláṣọ pupa rúsúrúsú pẹ̀lú ewé dóńgóyárò lọ́wọ́, gbogbo wọn ń lọ sí ojúbọ òrìṣà Mariamman. Lọ́yà mi náà ti lọ síbẹ̀! Ọ́fíìsì rẹ̀ tì pa. Mo fẹ́ ké. Mo bá lọ sídìí ẹ̀rọ, mo gbé ẹ̀dà ìwé ọmọ Udumalpet jáde, mo sì bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ tèmi. Ọ̀gá mi ní ta ló máa san owó bébà. Mo ní kó yọ ọ́, kó yọ gbogbo rẹ̀, kó sì yé dà mí láàmú. Ẹnu yà á.

Mo tẹ Nachimuthu tán láìdúró. Mo dé orí "Deivanai, opó Velusamy, olùjẹ́jọ́ kejì". Mo tẹ̀ ẹ́. Mi ò ṣi lẹ́tà kankan tẹ̀.

Lọ́yà dé nígbà tí oòrùn ti kọjá àtàrí, eérú ojúbọ ṣì wà níwájú orí rẹ̀. Mo sọ fún un pé òní ni mo pé mọ́kànlélógún.

"Ọjọ́ kẹjọ lo sọ fún mi!"

"Ìràwọ̀ mi ni mo sọ, Madam."

"Ìràwọ̀!" Ó fọwọ́ lu tábìlì. "Ṣé awòràwọ̀ ni mí? Gbé e wá. Mo ní gbé e wá!" Ó kà á, ó ń fi bírò gé e, ó ń bú mi, ó ń bú ara rẹ̀ pé òun ò tún béèrè. Èmi ń tún un tẹ̀. A sáré gba ọgbà kóòtù kọjá. Àwọn akọ̀wé ti ń kó fáìlì.

"Nínú Aadi?" ni akọ̀wé tó gbà á wí. "Lọ́jọ́ Ẹtì? Ẹ̀yin ọmọbìnrin òde òní, ẹ ò bẹ̀rù nǹkan kan."

Ó lu òǹtẹ̀. Ọjọ́ kọkànlélọ́gbọ̀n oṣù keje. Mo bẹ̀rù o. Mo bẹ̀rù débi pé mo jókòó sílẹ̀ nínú ọgbà kóòtù.

Àbámẹ́ta, 1 oṣù kẹjọ

Àáké la gbọ́ jí. Igi àgbọn kì í tètè ṣubú, ó máa ń kérora. A ka ọ̀kan, a ka èkejì, ìyá mi sì fi aṣọ bo etí.

Maaman ti gbọ́, mi ò mọ ẹnu ẹni tó ti gbọ́ ọ. Ó wá dúró lẹ́nu ọ̀nà wa. Kò pariwo. Ìyá mi ló dojú kọ, kì í ṣe èmi.

"O ní o ò rántí."

Ìyàwó Maaman kó ẹní wa, ìkòkò wa, àwòrán bàbá mi, ó kó wọn síta sójú òjò. Maaman ń wò wọ́n. Ó wá sọ fún mi jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, bó ṣe máa ń sọ ọ́ tó bá fẹ́ gbé súìtì fún mi ní kékeré: "Ẹjọ́ máa ń gùn ju ẹ̀mí èèyàn lọ, ọmọ mi. Wo bí ìyá ẹ ṣe rù tó. Ta lo rò pé ó máa rí òpin rẹ̀ nínú àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta?"

Kumaresan ló bá wa gbé ẹrù dé ibùdókọ̀. Nígbà tí bọ́ọ̀sì ń lọ, ó ṣì dúró síbẹ̀ nínú òjò.

Ajé, 3 oṣù kẹjọ

Ọjọ́ odò. Adájọ́ ní kí wọ́n dá àáké dúró títí òun yóò fi gbọ́ ẹjọ́. Karuppan ti gé ìlà méjì àkọ́kọ́ kó tó gbọ́. Lọ́yà ní kí n má yọ̀ jù, "títí òun yóò fi gbọ́ ẹjọ́" lè jẹ́ ọdún méjì, ó lè jẹ́ mẹ́wàá. Ìyá mi lọ da òdòdó sódò. Mi ò bi í léèrè ohun tó tọrọ.

Àbámẹ́ta, 8 oṣù kẹjọ

Ọjọ́ ìràwọ̀ mi. Ìyá mi fi ṣúgà díẹ̀ se ìrẹsì lórí sítóòfù, nínú yàrá tí a gbà lẹ́yìn ọjà. Ó kọ́kọ́ fi kàn mí lẹ́nu.

Ọjọ́rú, 12 oṣù kẹjọ

Ọkùnrin oníbàtà funfun kọjá ní àdúgbò wa lẹ́ẹ̀mejì lónìí. Kò wo ibì kankan. Iwájú ilé wa nìkan ló ti rọra rìn.

Ọjọ́bọ̀, 20 oṣù kẹjọ

Akọ̀dà kóòtù gbé ìwé ìpẹ̀jọ́ ìyá mi wá lónìí. Èmi ni mo pẹjọ́, èmi náà sì ni mo ṣílẹ̀kùn. Ó ti rẹ ọkùnrin náà, ó gbé páálí yíǹkì síwájú ìyá mi, ó na ìka sí ìsàlẹ̀ bébà.

"Mama, ẹ tẹ̀ka síbí pé ẹ gbà á."

Ìyá mi ti na àtàǹpàkò rẹ̀. Ó fà á padà.

"Ẹ kà á sí mi létí."

"Mama, mo ṣì ní ilé mẹ́ta láti dé. Ẹ kàn tẹ̀ ẹ́ síbí."

"Ẹ jókòó, ọmọ mi. Ẹ mu omi." Ó yíjú sí mi. "Kà á, Poongodi. Láti òkè."

Mo kà á. Mo ka orúkọ mi, mo ka ti Maaman, mo ka tirẹ̀. Mo dé ibi tí mo ti tẹ̀ ẹ́ pé olùjẹ́jọ́ kejì ta ilẹ̀ ọmọ láìjẹ́ pé ó ṣe ọmọ náà láǹfààní kankan. Mo dáwọ́ kíkà dúró.

"Máa kà á lọ," ló wí. "Òótọ́ ni."

Mo kà á tán. Akọ̀dà ti mu omi rẹ̀ tán, kò tún sọ pé òun ń kánjú mọ́. Ìyá mi ní ọjọ́ wo ni wọ́n ní kí òun wá. Mo sọ ọ́. Ó ní rárá, kí n fi hàn òun lórí kàlẹ́ńdà, ọjọ́ ìjọba. Mo gbé kàlẹ́ńdà sọ̀ kalẹ̀ láti ara ògiri. Mo mú ìka rẹ̀, mo gbé e lé orí ọjọ́ náà, ó sì tẹjú mọ́ ọn fún ìgbà díẹ̀.

Lẹ́yìn náà ló tẹ̀ka.